Ẹ̀rọ Tó Pa Ohùn Mi Dà

Títí dòní, bí mo bá gbóòórùn ìgbẹ́ adìẹ pọ̀ mọ́ èéfín òjé tí wọ́n ń yọ́, Ìbarà ni ọkàn mi máa ń sáré lọ. Kì í ṣe Ìbarà àwọn ọ́fíìsì ìjọba tí gbogbo ayé mọ̀, bí kò ṣe yàrá kan ṣoṣo ní ìsàlẹ̀ ilé pẹ̀tẹ́ẹ̀sì kan, níbi tí ọkùnrin kan tó ṣẹ̀ṣẹ̀ ti ìlú òyìnbó dé ti lẹ páálí ẹyin mọ́ ògiri láti ìsàlẹ̀ dé òkè, kí ariwo ìta má bàa wọlé. Ọ̀dọ̀ àwọn tó ń sin adìẹ ní Ọ̀dẹ́dá ló ti kó àwọn páálí náà wá, kò sì nu wọ́n kó tó lẹ̀ wọ́n. Bí oòrùn ọ̀sán bá ti mú, òórùn adìẹ á gba gbogbo yàrá, tòun ti èéfín òjé tí ọkùnrin náà fi ń jó wáyà pọ̀ lórí tábìlì. Fèrèsé kò ṣeé ṣí, fáànù kò ṣeé tàn, torí ariwo. Inú ooru yẹn ni wọ́n ti pa ohùn mi dà.

Ìbẹ̀rẹ̀ àwọn ọdún 1980 ni. Mo ṣẹ̀ṣẹ̀ di tíṣà ní ilé-ìwé alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀ kan ní Abẹ́òkúta, ilé bàbá mi ní Ìtòkú ni mo sì ń gbé. Páànù àti ìṣó ni bàbá mi ń tà, àwọn baba tiẹ̀ náà sì ti ń ṣòwò ní àdúgbò yẹn kí wọ́n tó bí i. Àlùhájì ni, èèyàn jẹ́jẹ́ ni, ṣùgbọ́n bí ọ̀rọ̀ orin bá ti délẹ̀, ojú rẹ̀ máa ń yí padà. Àbúrò rẹ̀ obìnrin kan ló tẹ̀lé àwọn olórin lọ nígbà èwe wọn, kò sì padà wálé mọ́ títí wọ́n fi gbọ́ ikú rẹ̀ lẹ́nu àlejò. Láti ìgbà náà ni bàbá mi ti fi Kùránì búra níṣojú gbogbo ilé pé ọjọ́ tí òun bá gbọ́ ohùn ọmọ òun obìnrin nínú àwo orin, ọmọ náà yóò kó ẹrù rẹ̀ jáde nílé òun, òun kò sì ní bá a jẹun pọ̀ mọ́ láéláé. Gbogbo wa la gbọ́ ọ. Èmi tí mo gbọ́ ọ dáadáa jù lọ ni Ọlọ́run wá fún ní ohùn.

Ọ̀rẹ́ mi ló gbé ọ̀rọ̀ náà wá. Tíṣà ni òun náà, a jọ ń kọ́ni nílé-ìwé kan náà, ọmọ Ìgbẹ̀ìn ni, ilé Áńgílíkà paraku. Ó máa ń gbọ́ mi láti kíláàsì tirẹ̀ bí mo bá ń kọ́ àwọn ọmọ lórin àárọ̀. Àbúrò ìyá rẹ̀ ni ọkùnrin onísítúdíò náà, ẹni tí gbogbo Ìbarà ń pè ní Bọ̀ọ̀dá Lọ́ńdọ̀nù, bó tilẹ̀ jẹ́ pé ó ní kì í ṣe Lọ́ńdọ̀nù lòun gbé. Ọ̀rẹ́ mi ní ọkùnrin náà gbé ẹ̀rọ kan dé tó máa ń gba ọ̀rọ̀ lẹ́nu èèyàn, tó sì máa ń fi ohùn tí kò jọ ti ẹnikẹ́ni sọ ọ́ jáde.

"Ìyá tó bí ọ gan-an ò ní mọ̀ pé ìwọ ni," ló wí fún mi.

Gbólóhùn yẹn ló mú mi. Orin inú àwo ń wù mí bí amọ̀ ṣe máa ń wu aboyún jẹ, mo sì ti gbà pé kò sí ọ̀nà. Ọ̀nà wá yọ lójijì. Ṣùgbọ́n kí n sọ òtítọ́ ara mi kí n tó máa bá ìtàn lọ: onífura ni mí. Wọ́n ní ìfura loògùn àgbà. Èmi ti ń lo oògùn náà láti kékeré. Èmi ni mo máa ń ka ẹran inú ìkòkò ọbẹ̀ kí n tó lọ sílé-ìwé, tí mo tún máa ń kà á bí mo bá dé. Torí náà, mo ní kí ọ̀rẹ́ mi búra pé òun kò ní sọ fún ẹnikẹ́ni. Ó búra. Mo ní kó tún búra. Ó rẹ́rìn-ín, ó sì tún búra.

Ẹ̀rọ náà kò tóbi ju àpótí aṣọ ọmọ ilé-ìwé lọ. Dúdú ni, ó ní eyín bíi ti dùùrù, ó sì ní àwọn bọ́tìnnì wínníwínní tí wọ́n ń yí. Vókódà ni ọkùnrin náà pè é. Àwa ń pè é ní apohùndà. Bó ṣe ń ṣiṣẹ́ ló kọ́kọ́ kó ìfura bá mi. Mo sọ̀rọ̀ sí máíkì, n kò gbọ́ nǹkan kan. Ọkùnrin náà tẹ dùùrù, kò dún. Ó wá ní kí n máa sọ̀rọ̀ lọ, òun náà sì tẹ dùùrù lẹ́ẹ̀kan náà, ni nǹkan bá dáhùn láti inú sípíkà tó wà lẹ́yìn wa. Ọ̀rọ̀ mi ni, ṣùgbọ́n ohùn dùùrù ni, bí ẹni pé agolo ló kọ́ Yorùbá. Bí mo bá dákẹ́, ó dákẹ́. Bí ọkùnrin náà bá gbé ìka kúrò, mo di odi. Mo dìde, mo lọ wo ẹ̀yìn sípíkà náà bóyá ẹnì kan fara pamọ́ síbẹ̀. Ọ̀rẹ́ mi rẹ́rìn-ín títí omi fi bọ́ lójú rẹ̀.

Iṣẹ́ náà kò rọrùn. Ọkùnrin náà ti pẹ́ lọ́hùn-ún, Yorùbá rẹ̀ sì ti ń ta kókó. Ohùn kan ṣoṣo ló kọ́kọ́ ń tẹ̀ mọ́ gbogbo ọ̀rọ̀, ohun tó ń jáde kò sì yé ẹnikẹ́ni, torí pé òkè àti ìsàlẹ̀ ti dọ́gba. Ni mo bá ń fi ọwọ́ júwe fún un. Bí ọ̀rọ̀ bá ròkè, màá gbé ọwọ́ sókè. Bó bá sọ̀ kalẹ̀, màá rẹ ọwọ́ sílẹ̀. Òun náà á tẹjú mọ́ ọwọ́ mi bí ọmọ kíláàsì mi, á máa fi ìka tẹ̀lé e lórí dùùrù. Odidi ọ̀sán mẹ́ta la fi ṣe ìlà kan: Ọmọ Ẹ̀gbá, má pẹ́ lọ́nà, ilé ń retí rẹ. Nígbà tó jàjà yọrí, àwa mẹ́tẹ̀ẹ̀ta pariwo, àwọn ara òkè pẹ̀tẹ́ẹ̀sì sì kan ilẹ̀ fún wa pé ó tó. Mo jẹ́wọ́ pé inú mi dùn lọ́jọ́ náà ju bó ṣe dùn lọ́jọ́ tí mo gba ìwé-ẹ̀rí tíṣà mi.

Síbẹ̀ ọkàn mi kò balẹ̀. Bí ẹ̀rọ bá lè gba ohùn mi, ta ló mọ̀ bóyá ó ń fi ojúlówó rẹ̀ pamọ́ síbì kan? Ohun tó wà lẹ́yìn ẹ̀fà, ó ju èje lọ. Lójoojúmọ́ tí iṣẹ́ bá parí, mo máa ń ní kí ọkùnrin náà yí gbogbo téèpù fún mi gbọ́, lọ́kọ̀ọ̀kan, kí n tó wọ bàtà mi.

"Sìsítà, ẹ ò fọkàn tán èèyàn rárá," ló sọ lọ́jọ́ kan.

"Ẹ yí èyí tó kù," ni mo dá a lóhùn.

Ó yí i. Ohùn agolo ni. Mo tún ní orúkọ mi kò gbọdọ̀ sí lára páálí àwo náà, kò sì sí níbẹ̀. Nígbà tí àwo jáde, Bọ̀ọ̀dá Lọ́ńdọ̀nù kó ẹ̀rọ rẹ̀, ó gba Èkó lọ, ó ní ibẹ̀ ni iṣẹ́ wà. Ó ku èmi àti ọ̀rẹ́ mi nìkan ní Abẹ́òkúta tí a mọ ẹni tó kọrin náà.

Àárọ̀ Sátidé kan ni mo kọ́kọ́ gbọ́ ọ lórí rédíò nílé. Mo ń fọ aṣọ ní àgbàlá, ìyàwó ẹ̀gbọ́n mi ń gé ẹ̀fọ́, bàbá mi jókòó sí ẹnu ọ̀nà, ó ń rún orín. Bí ohùn náà ṣe jáde, ìyàwó ẹ̀gbọ́n mi ju ọ̀bẹ sílẹ̀: "Yéè! Iwin ni àbí èèyàn?" Gbogbo ilé rẹ́rìn-ín. Èmi náà rẹ́rìn-ín, ṣùgbọ́n aṣọ tí mo ti fọ̀ ni mo tún ti bọ omi ọṣẹ. Mo yọjú wo bàbá mi. Orín ti dúró lẹ́nu rẹ̀.

"Kí ni wọ́n ń pe irú èyí?" ó bi mí. Àwa márùn-ún la wà ní àgbàlá, èmi nìkan ló bi.

"Ẹ̀rọ ni, Bàbá."

"Ẹ̀rọ." Ó tún orín rẹ̀ rún fún ìgbà díẹ̀. "Ẹ yí i sókè."

Láti ọjọ́ yẹn ni mo ti ń ṣọ́ bàbá mi bí ológbò ṣe ń ṣọ́ ihò eku. Tẹ́lẹ̀, bí wọ́n bá ti kírun alásárì tán, ó máa ń pè mí kí n wá ka ìwé ìròyìn fún òun. Kò pè mí mọ́. Ó bi mí lẹ́ẹ̀mejì pé aago mélòó ni ilé-ìwé wa máa ń jáde, bẹ́ẹ̀ ó ti mọ̀ ọ́n láti ọjọ́ tí mo ti gba iṣẹ́. Ọjọ́ kan ó dédé wọ agbádá, ó ní òun ń lọ sí Ìbarà, ẹni tí kì í dé Ìbarà àfi bí ìjọba bá pè é. Bó bá wúkọ́, màá rò pé ó ti dé nìyẹn. Bó bá dákẹ́, èyí tún burú jù. Mo di aṣọ mi mélòó kan sínú báàgì, mo fi sábẹ́ bẹ́ẹ̀dì, mo sì ń ronú ẹbí tó lè gbà mí sílé láìbéèrè ohun tí mo ṣe. N kò rí ẹnì kankan.

Ní ọ̀sẹ̀ tó tẹ̀lé e, mo gbé oúnjẹ lọ fún ẹ̀gbọ́n mi ọkùnrin tó ń bá bàbá wa jókòó ní ṣọ́ọ̀bù. Mo ń wá ibi tí mo máa gbé abọ́ sí, ni mo bá rí ohun pẹlẹbẹ kan lẹ́yìn àpótí ìṣó, tí wọ́n fi ìwé ìròyìn wé. Mo tú u. Àwo wa ni. Kò sí ẹ̀rọ tí wọ́n fi ń gbọ́ àwo ní ṣọ́ọ̀bù náà, kò sì sí nílé. Ẹni tí kò ní ẹ̀rọ àwo kì í ra àwo láti fi gbọ́ orin. Ẹ̀rí ló ń tọ́jú.

"Ta ló ni èyí?" mo bi ẹ̀gbọ́n mi.

"Bàbá ló rà á." Ọbẹ̀ ló ń wò, kò wo ojú mi. "Ọ̀rẹ́ rẹ tíṣà wá síbí lánàá. Òun àti Bàbá jọ sọ̀rọ̀ pẹ́ títí."

Ó parí nìyẹn. Àjẹ́ ké lánàá, ọmọ kú lónìí. Ta ni kò mọ̀ pé àjẹ́ àná ló pa ọmọ jẹ? Láti ṣọ́ọ̀bù títí mo fi délé ni mo ń to ọ̀rọ̀ jọ. Mo rántí pé ó rẹ́rìn-ín nígbà tó ń búra. Mo rántí pé òun ló mú mi lọ sí Ìbarà, pé ìdílé tirẹ̀ ni onísítúdíò. Kódà ẹ̀rín tó rín mi lọ́jọ́ tí mo lọ wo ẹ̀yìn sípíkà, mo fà á yọ, mo sì rí i pé ẹ̀rín ìkà ni. Ká ní mo fara balẹ̀, ǹ bá ti rántí pé bàbá mi ti lọ sí Ìbarà ṣáájú ọjọ́ tí ọ̀rẹ́ mi dé ṣọ́ọ̀bù. Ṣùgbọ́n ìfura kì í ka kàlẹ́ńdà.

Lọ́jọ́ kejì, nígbà tí àwọn ọmọ jáde ṣeré, mo bá a lábẹ́ igi tó wà níwájú kíláàsì rẹ̀.

"Kí lo lọ ṣe ní ṣọ́ọ̀bù bàbá mi?"

"Páànù ni mo lọ rà. Òrùlé wa ń jò."

"Páànù! Òun lẹ fi odidi wákàtí sọ?"

"Wọ́n ń béèrè àlàáfíà bàbá mi ni. Kí ló dé?"

"O ti tú àṣírí mi."

Ó wò mí. "Mo búra fún ọ."

"Ìbúra ta?" ni mo wí. "Ọmọ ṣọ́ọ̀ṣì ni ọ́. Kí ni ìtìjú ilé wa jẹ́ lójú rẹ?"

Ní Abẹ́òkúta tiwa, níbi tí àwọn ti ń jẹ ẹran iléyá lọ́dọ̀ wa, tí àwa náà ń jẹ ìrẹsì Kérésìmesì lọ́dọ̀ wọn, n kò tíì gbọ́ irú ọ̀rọ̀ bẹ́ẹ̀ rí láàárín ọ̀rẹ́ sí ọ̀rẹ́. Ẹnu ara mi ni mo ti kọ́kọ́ gbọ́ ọ. Ó dùn mí bó ṣe ń jáde, síbẹ̀ mo jẹ́ kó jáde tán. Ó tún gèlè rẹ̀ wé, ó gbọn ẹfun ìkọ̀wé kúrò lára aṣọ, ó wọ kíláàsì rẹ̀ lọ. Nígbà tí táàmù náà fi máa parí, ó ti gba táńsífà lọ sí ilé-ìwé kan ní Ọ̀dẹ́dá.

Ọjọ́ Jímọ̀ kan nínú ọlidé, lẹ́yìn ìrun, bàbá mi pè mí sí yàrá rẹ̀. Àwo náà wà lórí itan rẹ̀. Mo ti kúnlẹ̀ kó tó gbójú sókè.

"Ta ló ń kọrin yìí?"

N kò lè parọ́ fún un. "Èmi ni, Bàbá. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má bínú. Mo mọ ẹni tó wá sọ fún yín."

"Ẹni tó sọ kí ni?"

"Ọ̀rẹ́ mi."

Ó wò mí bí ẹni pé èdè mìíràn ni mò ń sọ. "Ọmọ Ìgbẹ̀ìn yẹn? Páànù ló wá rà. Ìgbà tó wá, mo ti ra àwo yìí ní Ìbarà. Adití ni mí ni?" Ó fi ìka kan lu páálí àwo náà. "Nígbà tí o wà lọ́mọ ọdún mẹ́fà, èmi ni mo kọ́ ọ bí wọ́n ṣe ń ké Fátíà inú Kùránì. Ibi tí gbogbo èèyàn ti ń mí, ìwọ kì í mí níbẹ̀. Wàá fa ọ̀rọ̀ kọjá, wàá wá já a láàárín èyí tó tẹ̀lé e. Mo fi pàṣán kọ́ ọ, o ò gbọ́. Ẹ̀rọ yín pa ohùn dà. Kò lè pa mímí dà."

Mo wólẹ̀ níbẹ̀. Gbogbo téèpù tí mo ní kí ọkùnrin yẹn máa yí fún mi, ohùn mi ni mò ń wá nínú wọn. N kò ronú ibi tí mo ti dákẹ́ rí. Bẹ́ẹ̀ ẹ̀rọ náà kì í fọhùn níbi tí mo bá ti dákẹ́, ó sì ti to gbogbo ìdákẹ́ mi sílẹ̀ ní mímọ́, kí ẹni tó bá mọ̀ mí lè kà á.

Mo ń retí gbólóhùn tó kù. Bàbá mi ń wo òkè àjà. Oníṣòwò ni, ó mọ bí wọ́n ṣe ń wọn nǹkan kó má lé, kó má dín.

"Ohùn ni mo fi Kùránì búra lé," ó wí níkẹyìn. "Ohun tó wà nínú àwo yìí, ohùn ẹ̀rọ ni. Mímí ọmọ mi ni mo gbọ́, n ò sì búra nípa mímí." Ó na àwo náà sí mi. "Má ṣe é mọ́. Lọ tú ẹrù rẹ."

Mo sunkún bí ọmọdé. Ọpẹ́ ló pọ̀ jù nínú rẹ̀, ìtìjú ló tẹ̀lé e. N kò tíì mọ̀ títí dòní bó ṣe mọ̀ pé mo ti di ẹrù. Ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ náà, lẹ́yìn alásárì, ó pè mí pé kí n wá ka ìwé ìròyìn.

Nígbà tí wọ́n wọlé táàmù tuntun, mo tọrọ àyè lọ́wọ́ ọ̀gá wa, mo wọ ọkọ̀ lọ sí Ọ̀dẹ́dá. Mo bá ọ̀rẹ́ mi ní kíláàsì rẹ̀. Ó fún àwọn ọmọ ní iṣẹ́ ìṣirò, ó jáde wá bá mi ní ọ̀dẹ̀dẹ̀, ó gbé bẹ́ǹṣì fún mi, ó sì lọ bu omi wá. Mo rò ó fún un láti ìbẹ̀rẹ̀ dópin, mo bẹ̀ ẹ́, mo fọwọ́ kanlẹ̀. Nígbà tí mo dé orí ìbúra bàbá mi, ó rẹ́rìn-ín gan-an, ẹ̀rín rẹ̀ àtijọ́, mo sì rò pé ó ti tán.

Lẹ́yìn náà ló béèrè pé, "Ká ní bàbá rẹ ò sọ bí wọ́n ṣe mọ̀ fún ọ ńkọ́, ṣé wàá wá?"

Mo gbé ife omi sókè, mo tún gbé e kalẹ̀. Ó dúró dè mí. Àwọn ọmọ ti parí ìṣirò wọn, wọ́n ti ń pariwo nínú.

"O ò ní wá," ó wí. Kò fi ìbínú sọ ọ́. "Mu omi rẹ."

Gbogbo ẹbí mi ló mọ bí mo ṣe máa ń ṣàwàdà nípa àwo yẹn bí a bá kóra jọ, bí mo ṣe máa ń sín ohùn agolo jẹ fún àwọn ọmọ. Orin náà kọ́ ni mo máa ń rántí. Ìbéèrè yẹn ni. Mo ti yí i síwá, mo ti yí i sẹ́yìn, ìdáhùn kan náà ni mo ń bá. Kì í ṣe pé mo gba ọ̀rẹ́ mi gbọ́ ni mo fi lọ sí Ọ̀dẹ́dá. Ẹ̀rí ni mo gbà gbọ́. Ká ní bàbá mi kú lọ́sẹ̀ yẹn láìsọ̀rọ̀, inú ilé mi ni ǹ bá jókòó sí dòní, tí n óò máa sọ fún ayé pé ọmọ Ìgbẹ̀ìn kan da mí. Mo ti rò pé ìfura ni ọgbọ́n mi. Kò tíì mú olè kan ṣoṣo fún mi rí, àfi ọ̀rẹ́ tí kò jí nǹkan kan.

Ó dárí jì mí, n kò ní parọ́ mọ́ ọn. Ó wá síbi ìgbéyàwó mi, ó gbé àkọ́bí mi jó. Èmi náà jókòó tì í nígbà tí wọ́n sin bàbá rẹ̀. A ń kíra, a ń bẹ ara wa wò, a ń ṣe ẹ kú ọdún. Ṣùgbọ́n láti ọjọ́ ọ̀dẹ̀dẹ̀ yẹn, kò sọ àṣírí kankan fún mi mọ́, bó ti wù kó kéré mọ. Nígbà tí àìsàn dá a wó lọ́dún mélòó kan sẹ́yìn, ìta ni mo ti gbọ́, lẹ́nu ẹni tí kò mọ̀ pé a mọ ara wa.